Ẹja Alẹ̀mọ́kúta àti Ọ̀rọ̀ Tí Mo Sọ sí Bàbá Mi

Ẹ̀yin ará Òkè-Sopẹn tí ẹ ń dá mi dúró lójú ọ̀nà láti ìgbà tí mo ti dé, tí ẹ ń ní, "Tíṣà, kí lẹ rí lọ́hùn-ún?", ẹ jẹ́ kí n tètè sọ òótọ́ fún yín. Mi ò rí ààfin ọba wọn. Mi ò wọ ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀. Ẹja kan ni mo rí. Kò gùn ju ìka àárín mi lọ, kò ṣeé jẹ, kò ṣeé tà, oṣù mẹ́rin ni mo sì fi ń wá a kiri lábẹ́ òkúta nínú òtútù, pẹ̀lú bàtà rọ́bà tó ga dé orókún. Ẹni tó bá fẹ́ rẹ́rìn-ín kó yáa rín in tán báyìí, nítorí ẹja yìí ló jẹ́ kí n mọ bàbá mi.

Kí n tó lọ

Gbogbo Efire, ìlú wa létí ọ̀sà, ló ń pe bàbá mi ní Bàbá Ràfátù, nítorí èmi Ràfátù nìkan ló bí. Apẹja ni. Ìgèrè ló fi ń pẹja lórí ọ̀sà, apẹ̀rẹ̀ gígùn tí ẹja lè wọ̀ ṣùgbọ́n tí kò ní lè jáde. Ọmọ ọdún mẹ́ta ni mí nígbà tí ìyá mi kú. Lọ́dún náà lọ́hùn-ún, àwọn ẹgbẹ́ bàbá mi ń kó lọ sí Èpẹ́ àti Èkó lọ wá iṣẹ́ tó sàn ju iṣẹ́ omi lọ. Bàbá mi dúró. Kò fẹ́ ìyàwó mìíràn. Òun fúnra rẹ̀ ló ń di irun mi kí n tó lọ sílé ìwé, irun náà a sì máa rí wúruwùru, àwọn ọmọbìnrin kíláàsì mi a máa fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Ó sìn mí dé yunifásítì ní Àgọ́-Ìwòyè, ìyẹn ni pé ó sìn mí dé ibi tí ọkọ̀ ti ń gbéra ní Efire, ó dúró síbẹ̀, ó juwọ́ sí mi. Kò wọkọ̀. Nígbà tí mo di olùkọ́ báọ́lọ́jì níbí ní Ìjẹ̀bú-Igbó, kò wá wo kíláàsì mi lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo.

Nígbà tí wọ́n mú mi mọ́ àwọn olùkọ́ tó ń lọ kọ́ iṣẹ́ létí òkun ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, orókún bàbá mi ti ń dùn ún, mi ò sì fẹ́ fi òun nìkan sílẹ̀. Àbúrò rẹ̀ obìnrin, Àǹtí Súwẹ́, ń gbé ní Àtìkórí, ní Ìjẹ̀bú-Igbó níbí. Mo lọ bá bàbá mi létí omi láàárọ̀ ọjọ́ tí mo fẹ́ dágbére.

"Bàbá, ẹ jẹ́ ká jọ máa lọ sí Àtìkórí lónìí. Àǹtí Súwẹ́ ti gbá yàrá sílẹ̀ fún yín."

"Ta ló máa bá mi wo ìgèrè?"

"Ẹ fi ìgèrè sílẹ̀ ná, Bàbá!"

"Efire ti tó mi," ó ní.

Inú bí mi. Mo ti gbọ́ gbólóhùn yẹn láti kékeré, ó sì ti sú mi. Mo ní, "Ẹ kàn lẹ̀ mọ́ ojú kan ṣoṣo láti ìgbà tí mo ti mọ̀ yín. Ẹ ò dé ibì kankan, ẹ ò mọ ibì kankan. Èmi ò fẹ́ kí ayé tèmi rí báyẹn."

Kò bínú. Ì bá sàn kó bínú. Ó nu ọwọ́ rẹ̀ mọ́ ṣòkòtò, ó gbé e lé mi lórí, ó ní, "Ó dáa, ọmọ mẹ. Ọlọ́hun á mú ọ lọ re, á mú ọ bọ̀ re." Lẹ́yìn náà ó wọnú ọkọ̀ rẹ̀, ó sì rọra wà á lọ láìbojú wẹ̀yìn. Bí mo ṣe rìnrìn àjò náà nìyẹn, tèmi ti ọ̀rọ̀ yẹn láyà.

Ìlú olókùúta

Ìlú kékeré kan ni mo lọ, ní ìpẹ̀kun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì níhà ìwọ̀-oòrùn, níbi tí ilẹ̀ ti tán tí àpáta dúdú wá bẹ̀rẹ̀. Òjò ibẹ̀ kò jọ tiwa rárá. Òjò tiwa á kéde, á dé, á ṣe bó ṣe fẹ́, á lọ. Tiwọn kàn ń ṣẹ̀ wínníwínní látàárọ̀ dalẹ́, àwọn ará ibẹ̀ á sì wò ọ́ lójú, wọn á ní ojú ọjọ́ dáa lónìí.

Ènìyàn jẹ́jẹ́ ni wọ́n. Mo tẹ ọkùnrin kan lẹ́sẹ̀ nínú ṣọ́ọ̀bù, òun tí mo tẹ̀ ló ń bẹ̀ mí. Àmọ́ wọn kì í kíni. Èmi ò sì lè kọjá lára àgbàlagbà kí n má kí i, ẹni tó tọ́ mi kò kọ́ mi bẹ́ẹ̀. Gbogbo ẹni tí mo bá pàdé ni mò ń kí, tí wọ́n ń wò mí bí ẹni tó fẹ́ yá nǹkan lọ́wọ́ wọn. Nígbà tó fi máa di ọ̀sẹ̀ kẹta, bàbá arúgbó kan tó máa ń mú ajá rẹ̀ rìn ti bẹ̀rẹ̀ sí í dúró dè mí kí n wá kí òun. Obìnrin tó ń ta búrẹ́dì bi mí níbi tí mo ti wá, mo ní Nàìjíríà, ó ní inú òun dùn, àbúrò òun gbé ní Kẹ́ńyà rí. Mo ní kó bá mi kí i.

Ohun kan tó ń dùn mí ni pé kò sẹ́ni tó ń bi mí pé, "Ilé ńkọ́?" Kò sẹ́ni tó ń ní, "Bàbá ńkọ́?" Níbí, a máa ń bèèrè rẹ̀ láì dúró gbọ́ èsì. Lọ́hùn-ún ni mo ti mọ̀ pé ẹni tí wọn ò bá bi ní ìbéèrè yẹn fún ọ̀pọ̀ ọjọ́, àárò ilé lè gbé e ṣánlẹ̀.

Omi wọn náà yàtọ̀. Ọ̀sà Efire máa ń dúró jẹ́jẹ́ síbi tí o bá fi í sí. Òkun tiwọn máa ń fà sẹ́yìn lẹ́ẹ̀mejì lójúmọ́, á ká ara rẹ̀ kúrò lórí àpáta, á fi adágún kéékèèké sílẹ̀ sí gbogbo ihò òkúta, tí akàn àti ìgbín omi kún inú wọn. Lẹ́yìn wákàtí bíi mélòó kan, á padà wá bo gbogbo rẹ̀ mọ́lẹ̀.

Màmá Màgí

Ẹni tí wọ́n fi mí sí lọ́wọ́ ti lé ní àádọ́rin ọdún. Irun rẹ̀ funfun báláú, ó tẹ́ẹ́rẹ́, ọkọ rẹ̀ ti kú, kò bímọ. Ó ní kí n máa pe òun ní Màgí. Ẹnu mi kọ̀ ọ́. Mo pè é ní Màmá Màgí, ó dúró, ó wò mí, ó ní, "Kò sẹ́ni tó pè mí ní màmá rí." Mo ní àfi kó fara dà á. Láti ọjọ́ náà, bí mo bá gbàgbé tí mo kàn pè é ní Màgí, kì í dáhùn.

Iṣẹ́ rẹ̀ ni pé, nígbàkígbà tí omi bá fà, á lọ gbé òkúta, á ka ẹja kékeré kan tó ń gbé lábẹ́ wọn. Ọjọ́ ti pẹ́ tó ti ń ṣe bẹ́ẹ̀. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ó gbé òkúta kan, ó ní, "Òun nìyẹn."

Mi ò rí nǹkan kan.

"Wò ó dáadáa."

Mo tẹ̀ síwájú. Èmi ọmọ apẹja, tí mo mọ ẹja nínú omi ẹrẹ̀! Òkúta ni mo rí, àti ewéko òkun tó lẹ̀ mọ́ òkúta. Ìgbà tí ara òkúta náà mí ni mo fò sẹ́yìn. Ẹja náà pẹlẹbẹ, àwọ̀ rẹ̀ pupa díẹ̀, ó dúdú díẹ̀, ó ní àmì tótòtó bíi ti àpáta gan-an. Ẹnu rẹ̀ rí bí ẹnu pẹ́pẹ́yẹ. Ẹ̀yìn orí rẹ̀ ní àmì aláwọ̀ aró méjì tí ènìyàn lè pè ní ojú. Abẹ́ ikùn rẹ̀ ní ohun kan tó fi ń di òkúta mú, mo sì fi ìka rọra tì í, kò mira. Wọ́n ní orúkọ tí wọ́n ń pè é níbẹ̀. Èmi sọ ọ́ ní Alẹ̀mọ́kúta.

Gàrí lórí àpáta

Oúnjẹ wọn ò burú, kò kàn ní ohun tó ń bá ẹnu sọ ni. Wọ́n á din ẹja, wọ́n á din ànàmọ́, kò ní sí ata, wọ́n á wá da ọtí kíkan lé e lórí. Ata gígún tí mo gbé láti ilé ló gbà mí. Lọ́jọ́ kan tí oòrùn yọ díẹ̀, mo rẹ gàrí Ìjẹ̀bú sínú ife méjì lórí àpáta, mo fún Màmá Màgí ní ọ̀kan. Ó fi ṣíbí bù ú, ó fi sẹ́nu, ó fún ojú pọ̀.

"Ṣé ó ti bàjẹ́ ni?"

"Bó ṣe ń kan nìyẹn, Màmá. Èyí tí kò bá kan, a kì í pè é ní tiwa."

Ó jẹ ẹ́ tán, ó wá na ife sí mi pé kí n tún fi díẹ̀ sí i. Ibẹ̀ ló ti kọ́kọ́ bi mí pé, "Bàbá rẹ ńkọ́?" Mo ní àlàáfíà ló wà. Mi ò lè sọ fún un pé bí mo bá pe bàbá mi lórí fóònù, gbogbo ohun tó ń sọ ò ju, "Àlàáfíà ni, a dúpẹ́, ó dàbọ̀" lọ. Kì í bi mí ní ìbéèrè kankan. Mo máa ń múra láti bẹ̀ ẹ́, ẹnu mi á kàn wúwo ni.

Òkúta tí mo dojú rẹ̀ sókè

Lóṣù kejì, ọ̀fìnkìn dá Màmá Màgí dúró sílé. Ó ní kí n dá lọ. "Gbé òkúta, wo abẹ́ rẹ̀, kọ ohun tí o bá rí sílẹ̀, bọ́ sórí òmíràn." Títí di ọjọ́ náà, òun ló ń gbé òkúta, èmi ń kọ̀wé. Mo máa ń rí i pé ó ń dá òkúta padà bó ṣe wà, àmọ́ èrò tèmi ni pé ó ń fi ibẹ̀ pamọ́ kí ẹlòmíràn má baà mọ̀ ọ́n, bí àwọn apẹja Efire ṣe máa ń fi ibi tí wọ́n dẹ ìgèrè sí pamọ́ fún ara wọn.

Nílé wa, ìgèrè tí o bá ti wò, o kì í jù ú padà sómi lójú ẹsẹ̀. O máa dojú rẹ̀ sókè sí oòrùn kó lè gbẹ dáadáa, nítorí èyí tí kò bá gbẹ á jẹrà. Ọ̀lẹ nìkan ni kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Bàbá mi ti gbá mi lọ́wọ́ rí nítorí rẹ̀. Bí mo ṣe dá wà lórí àpáta lọ́jọ́ yẹn, tí ó wù mí kí iṣẹ́ mi mọ́ tónítóní, ọwọ́ mi kàn ṣe ohun tó ti mọ̀. Gbogbo òkúta tí mo gbé ni mo dojú abẹ́ wọn sókè, ní ìlà gbọọrọ. Ẹyin wà lábẹ́ púpọ̀ nínú wọn, yẹ́lò, wọ́n tò pẹlẹbẹ sára òkúta. Mo kọ "ẹyin" sínú ìwé. Mo wo iṣẹ́ mi, inú mi dùn. Mo tilẹ̀ rò ó pé bí bàbá mi bá rí i, á gbóríyìn fún mi.

Lọ́jọ́ kejì, ara Màmá Màgí ti yá díẹ̀, a jọ lọ. Ó rí ìlà òkúta náà láti òkèèrè, ó sì dúró. Akàn ti jẹ púpọ̀ nínú ẹyin náà nígbà tí omi kún. Púpọ̀ nínú èyí tó kù ti gbẹ nínú oòrùn.

"Ràfátù, ta ló ṣe èyí?"

"Èmi ni, Màmá."

Mo kúnlẹ̀ lórí àpáta. Ó rò pé mo ṣubú ni, ó sáré wá láti gbé mi dìde, ó ń bèèrè ibi tó dùn mí. Mo ní kò síbi tó dùn mí, ẹ̀bẹ̀ ni mò ń bẹ̀. Mo ṣàlàyé ọ̀rọ̀ ìgèrè fún un. Ó jókòó tì mí, ó ní, "Èmi náà jẹ̀bi. Mi ò sọ fún ọ pé ilé ni òkúta yẹn jẹ́ fún wọn."

A bẹ̀rẹ̀ sí í dá àwọn òkúta náà padà lọ́kọ̀ọ̀kan. A dé ọ̀dọ̀ èyí tó kẹ́yìn. Ẹyin wà lórí rẹ̀, àárín wọn ṣì tutù. Ohun tó bò wọ́n ni Alẹ̀mọ́kúta kan. Ó lẹ̀ mọ́ òkúta náà nínú oòrùn gbangba, ẹ̀yìn rẹ̀ ti gbẹ, ẹyẹ òkun ti já ìrù rẹ̀ jẹ. Adágún omi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kò jìnnà sí i ju gígùn apá mi lọ. Ì bá yọ̀ wọ inú rẹ̀. Kò lọ.

"Ó ti kú?" mo bèèrè.

"Ó ṣì ń mí." Màmá Màgí bu omi sínú ìdérí fíláàsì rẹ̀, ó rọra ń dà á sí i lára. "Bàbá wọn ni. Ìyá máa ń yé ẹyin sílẹ̀, á lọ. Bàbá ló ń dúró. Kì í sábà lọ jẹun títí wọn á fi pa."

Ẹ̀yin ènìyàn mi, mo sunkún. Mo sunkún débi pé Màmá Màgí fi ìdérí fíláàsì sílẹ̀, ó di ọwọ́ mi mú. Irun wúruwùru tí ọkùnrin kan dì fún mi láàárọ̀ ni mò ń rò, àti ẹnu mi tó sọ fún ọkùnrin yẹn pé kò dé ibì kankan.

Ọjọ́ mẹ́wàá

A dá òkúta náà padà bí ẹni tó ń tẹ́ ọmọ sùn, a fi òkúta wẹ́wẹ́ tì í lẹ́gbẹ̀ẹ́ kó má baà tẹ ẹja náà. Màmá Màgí ní ẹnikẹ́ni ò gbọ́dọ̀ gbé e fún ọjọ́ mẹ́wàá. Ojoojúmọ́ tí omi bá fà ni mo ń lọ jókòó tì í. Mi ò lè wo abẹ́ rẹ̀, mi ò mọ̀ bóyá òkú ni mò ń ṣọ́.

Ọjọ́ karùn-ún ni mo pe bàbá mi láti ibẹ̀. Ó ní, "Àlàáfíà ni, a dúpẹ́." Kó tó sọ pé ó dàbọ̀, mo sáré ní, "Bàbá, ẹja kan wà níbí tí ẹ ò rí irú rẹ̀ rí."

Ó ní, "Ṣé ó ní ìpẹ́?"

Ìbéèrè àkọ́kọ́ tó bi mí nìyẹn láti ìgbà tí mo ti kúrò nílé. Mo ní, "Kò ní, Bàbá. Ara rẹ̀ ń yọ̀ ni."

"Omi yẹn sì le?"

"Ó le gan-an."

"Báwo ló ṣe wá ń ṣe é tí omi ò fi gbé e lọ?"

"Ó máa ń lẹ̀ mọ́ ojú kan ni..."

Mo gbọ́ ọ bó ṣe jáde lẹ́nu mi. Òun náà gbọ́ ọ. Afẹ́fẹ́ ń fẹ́ sí fóònù. Nígbà tó yá ó ní, "Ó dáa. A dúpẹ́," ó sì pa á.

Ní ọjọ́ kẹwàá, Màmá Màgí ní kí n gbé òkúta náà fúnra mi. Mo gbé e. Alẹ̀mọ́kúta wà níbẹ̀, pẹ̀lú ìrù jíjá rẹ̀. Lábẹ́ rẹ̀, ẹyin tó kù ti ní ojú. Ojú méjì méjì, kéékèèké, dúdú, nínú ẹyin kọ̀ọ̀kan, gbogbo wọn ń wò wá. Mo ní "Alihamudulilahi," Màmá Màgí náà gbìyànjú láti sọ ọ́, kò sì burú. A dá òkúta náà padà kíá.

Nígbà tí a tún gbé e ní ọ̀sẹ̀ díẹ̀ lẹ́yìn náà, ẹyin ti pa, àwọn ọmọ ti bá omi lọ. Bàbá wọn náà ò sí níbẹ̀ mọ́.

"Níbo ló lọ?" mo bèèrè.

"Ó lọ jẹun," Màmá Màgí ní. "Ebi ti pa á tipẹ́."

Ní ọjọ́ tí mò ń bọ̀ wá sílé, ó sìn mí dé ìdíkọ̀, ó sì fẹ́ kúnlẹ̀ láti dágbére fún mi, pé òun ti rí i pé bí a ṣe ń ṣe nìyẹn. Mo kígbe, mo gbá a mú. Àgbàlagbà kúnlẹ̀ fún mi kẹ̀? Gbogbo ìdíkọ̀ ń wò wá bí a ṣe ń rẹ́rìn-ín, tí omijé sì ń bọ́.

Efire

Mi ò dúró ní Ìjẹ̀bú-Igbó. Efire ni mo gbà lọ tààrà. Mo bá bàbá mi létí omi, lórí àpótí rẹ̀, ó ń tún ìgèrè ṣe. Ó ti rù. Mo kúnlẹ̀ sínú ẹrẹ̀ níwájú rẹ̀.

"Ṣé dáadáa lo dé, ọmọ mẹ? Ọ̀nà ò burú?"

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ọ̀rọ̀ ẹja yẹn tán."

Mo sọ ọ́ látòkè délẹ̀: bí mo ṣe dojú òkúta sókè, bí oòrùn ṣe pa àwọn ẹyin, ẹyẹ tó já ìrù bàbá wọn jẹ, adágún omi tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ tí kò sì yọ̀ wọ inú rẹ̀. Ó ń gbọ́, ọwọ́ rẹ̀ ò sì kúrò lára ìgèrè náà. Mo wá ní, "Bàbá, ọ̀rọ̀ tí mo sọ sí yín láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, ẹ forí jì mí. Mi ò mọ ohun tí mò ń sọ."

"Òótọ́ lo sọ," ó ní. "Mo lẹ̀ mọ́ ojú kan. Efire kọ́ ni mo lẹ̀ mọ́ ṣá. Ìwọ ni."

Mi ò lè gbé orí sókè. Ó fi ọwọ́ tó ń rùn ẹja nu ojú mi, bó ṣe máa ń nù ún nígbà tí mo wà ní kékeré.

"Nígbà tí ẹyin yẹn pa," ó bèèrè, "bàbá wọn ńkọ́?"

"Ó lọ jẹun, Bàbá. Wọ́n ní ebi ti pa á tipẹ́."

Ó rẹ́rìn-ín. Ó fi ọwọ́ ti orókún rẹ̀, ó dìde, ó wọ inú omi lọ. Ó fa àwọn ìgèrè rẹ̀ jáde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó gbọn omi wọn dànù, ó tò wọ́n sí etí omi, ó sì dojú gbogbo wọn sókè sí oòrùn. Lẹ́yìn náà ó fọ ẹsẹ̀ rẹ̀.

"Súwẹ́ ti Àtìkórí yẹn, ṣé ó ṣì máa ń se ìkọ́kọrẹ́?"

"Ó ń sè é dáadáa, Bàbá."

"Wọlé lọ bá mi gbé àpò mi," ó ní. "Ebi ń pa mí."